Dalip Singh Saund: Àgbẹ̀ Ọmọ Íńdíà Tó Wọ Ilé Aṣojú-ṣòfin Amẹ́ríkà

Lọ́dún 1950, àwọn ará Westmorland, ìlú kékeré kan ní Kalifọ́níà, dìbò yan àgbẹ̀ kan láti ṣe adájọ́ kóòtù kékeré wọn. Dalip Singh Saund ló wọlé. Àmọ́ wọn ò jẹ́ kó gorí àga. Kò tíì pé ọdún kan tó gba ìwé ọmọ onílùú, òfin sì ní ó gbọ́dọ̀ pé. Bí ìbò tó wọlé ṣe bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́ nìyẹn.

Ẹ jẹ́ ká padà sẹ́yìn díẹ̀. Punjab ni wọ́n ti bí i lọ́dún 1899, nígbà tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ṣì ń ṣàkóso Íńdíà. Ó dé Amẹ́ríkà ní 1920 láti kọ́ bí wọ́n ṣe ń tọ́jú oúnjẹ sínú agolo. Ní yunifásítì tó wà ní Berkeley, ó yà sí ìṣirò, ó sì gboyè ọ̀mọ̀wé ní 1924. Pẹ̀lú gbogbo ìwé yẹn, oko ló bọ́ sí.

Ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní Amẹ́ríkà ti dájọ́ ní 1923, nínú ẹjọ́ Bhagat Singh Thind, pé ọmọ Íńdíà ò lè di ọmọ onílùú. Ẹni tí kò bá sì lè di ọmọ onílùú, òfin Kalifọ́níà ò gbà á láyè kó ra ilẹ̀ oko. Kò lè dìbò. Ká má tiẹ̀ wá sọ pé kó du ipò.

Ibi tí ọkùnrin yìí ti wú mi lórí jù nìyí: kò káwọ́ gbera. Òun àti àwọn ọmọ Íńdíà ẹgbẹ́ rẹ̀ dá ẹgbẹ́ sílẹ̀, ó ṣe ààrẹ rẹ̀, wọ́n dá owó jọ, wọ́n sì ń rọ àwọn aṣòfin ní Washington kí wọ́n yí òfin náà padà. Ní July 1946, Ààrẹ Truman fọwọ́ sí òfin Luce-Celler. Ọgọ́rùn-ún ọmọ Íńdíà péré ni òfin yẹn gbà láàyè láti wọlé lọ́dún kan, ṣùgbọ́n àwọn tó ti wà níbẹ̀ lè di ọmọ onílùú. Saund gba tirẹ̀ ní December 1949. Òṣèlú tó ṣe gan-an, nígbà tí kò ní káàdì ìdìbò ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe é.

Ní 1952, ó tún du ipò adájọ́ kan náà. Ọkùnrin kan bi í níṣojú èrò bóyá òun ni yóò máa pín láwàní, irú èyí tí ọ̀pọ̀ ọkùnrin Punjab máa ń wé, fáwọn tó bá wá sí kóòtù rẹ̀, àbí kí kálukú ra tirẹ̀. Saund dá a lóhùn pé ohun tó wà lórí èèyàn ò kan òun, ohun tó wà nínú orí náà ló jẹ òun lógún. Ó wọlé, kò sì sẹ́ni tó gba àga náà lọ́wọ́ rẹ̀ mọ́.

Ó wá kan Ilé Aṣojú-ṣòfin. Ìwé òfin Amẹ́ríkà sọ pé aṣojú gbọ́dọ̀ ti jẹ́ ọmọ onílùú fún ọdún méje. Ẹ bá mi ṣírò ẹ̀: láti December 1949 sí ìbúra January 1957, ọdún méje àti ọ̀sẹ̀ díẹ̀! Jacqueline Cochran ni wọ́n jọ fà á, obìnrin àkọ́kọ́ tó wa bàálù kọjá ìyára ohùn, gbajúmọ̀ tó lówó, tọ́kọ rẹ̀ náà sì lówó. Síbẹ̀, Saund ló gbé e. Òun ni ọmọ Éṣíà àkọ́kọ́ tó ní ẹ̀tọ́ láti dìbò nínú Ilé yẹn.

Wọ́n fi í sínú ìgbìmọ̀ ọ̀rọ̀ ilẹ̀ òkèèrè, ó sì padà lọ sí Íńdíà ní 1957 gẹ́gẹ́ bí aṣòfin Amẹ́ríkà. Ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n tún dìbò yàn án kí àrùn rọpárọsẹ̀ tó kọlù ú ní 1962. Ó fìdí rẹmi nínú ìbò ọdún yẹn, ó sì kú ní 1973. Lẹ́yìn tó kúrò, kò sí ẹni tí orírun rẹ̀ jẹ́ Íńdíà nínú Ilé náà mọ́ títí di 2005, nígbà tí Bobby Jindal wọlé láti Louisiana, ìpínlẹ̀ tí wọ́n bí i sí.