Hattie McDaniel: ẹlẹ́gbè tó jà fún ilé rẹ̀

KÚNLÉ: Àǹtí Bísí, ẹ káàárọ̀ ní Los Angeles. Ilẹ̀ ti ṣú lọ́dọ̀ wa ní London.

BÍSÍ: Káalẹ́, Kúnlé. Hattie McDaniel, òṣèré fíìmù Amẹ́ríkà, la fẹ́ sọ lónìí. Má bẹ̀rẹ̀ láti orí Oscar o.

KÚNLÉ: Háà, ibẹ̀ gan-an ni mo fẹ́ ti bẹ̀rẹ̀! Aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gba Oscar, àmì ẹ̀yẹ fíìmù, ní 1940, fún ipa ọmọ ọ̀dọ̀ tó kó nínú fíìmù Gone with the Wind.

BÍSÍ: Ó dáa, jẹ́ ká yára kúrò níbẹ̀. Hòtẹ́ẹ̀lì Ambassador níbí ni wọ́n ti ṣe ayẹyẹ yẹn, wọn kì í sì í gba aláwọ̀ dúdú wọlé. Selznick tó ṣe fíìmù náà ló bá wọn sọ ọ́ kí wọ́n tó gbà. Tábìlì kékeré kan lẹ́bàá ògiri ni wọ́n wá gbé e sí, ó jìnnà sí àwọn tí wọ́n jọ ṣe fíìmù. Kì í tún ṣe ère oníwúrà ni wọ́n fún un, pátákó kékeré kan báyìí ni. Ohun tí wọ́n ń fún àwọn ẹlẹ́gbè, ìyẹn àwọn tí kì í ṣe olú òṣèré, nígbà yẹn nìyẹn.

KÚNLÉ: Pátákó yẹn náà ti sọnù ní Yunifásítì Howard tó fi í jogún fún. 2023 ni wọ́n tó fún wọn ní òmíràn.

BÍSÍ: Hattie ti kọrin káàkiri kó tó dé ìdí fíìmù. Nígbà tí ọrọ̀ ajé Amẹ́ríkà dẹnu kọlẹ̀ ní 1929, ilé ìgbọ̀nsẹ̀ àwọn obìnrin ló ń tọ́jú nílé fàájì kan nítòsí Milwaukee. Olórin ni o! Ìgbà tó yá ni wọ́n tó jẹ́ kó gun orí ìtàgé.

KÚNLÉ: Ẹ má bínú, Àǹtí, èmi wà lẹ́yìn Walter White àwọn NAACP, ẹgbẹ́ tó ń jà fún ẹ̀tọ́ aláwọ̀ dúdú, tó bẹnu àtẹ́ lu irú ipa tí Hattie ń kó. Ọmọ ọ̀dọ̀ lónìí, ọmọ ọ̀dọ̀ lọ́la. Ó ń ká mi lára tí mo bá ń wò ó.

BÍSÍ: Ó ń ká èmi náà lára. Ṣùgbọ́n wo ibi tó gbé owó ọmọ ọ̀dọ̀ ọ̀hún lọ. Ó fi ra ilé ńlá ní South Harvard Boulevard, àdúgbò tí wọ́n ń pè ní Sugar Hill. Ó wà nínú ìwé ilẹ̀ ibẹ̀ pé ẹni tí kì í bá ṣe òyìnbó kò gbọdọ̀ gbé níbẹ̀. Làwọn òyìnbó aládùúgbò kan bá gbé òun àtàwọn aláwọ̀ dúdú yòókù lọ sílé ẹjọ́ pé kí wọ́n kó jáde.

KÚNLÉ: Ẹ tún rán mi létí onílé kan tó ní yàrá ti tán, kété tó gbọ́ orúkọ mi lórí fóònù.

BÍSÍ: Pẹ̀lẹ́. Tìẹ ò tiẹ̀ sí nínú ìwé! Ilé Hattie ni wọ́n ti ń pàdé, ó ń kó àwọn aládùúgbò tí wọ́n jọ ń jẹ́jọ́ jọ. Loren Miller ni lọ́yà wọn. Adájọ́ fúnra rẹ̀ lọ wo àdúgbò náà, ó padà dé, ó sì da ẹjọ́ nù, ní December 1945. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Amẹ́ríkà sọ pé kò sí ilé ẹjọ́ tó gbọdọ̀ fi irú àdéhùn bẹ́ẹ̀ lé ẹnikẹ́ni kúrò nílé. Miller wà nínú ẹjọ́ yẹn náà.

KÚNLÉ: Ẹ̀n-ẹ́n! Wọn ò kọ́ wa níyẹn.

BÍSÍ: Nígbà tí Hattie kú ní 1952, itẹ́ òkú tó wù ú ní Hollywood ò gbà á, torí àwọ̀. Rosedale ni wọ́n sin ín sí.

KÚNLÉ: Ilé yẹn ńkọ́?

BÍSÍ: Ó ṣì dúró. Mo wakọ̀ lọ wò ó ní Sátidé. Ṣùgbọ́n láàárín àwọn ọdún 1960, ìjọba gba àárín Sugar Hill la títì márosẹ̀ 10, wọ́n wó ilé rẹpẹtẹ.

KÚNLÉ: Títì wo lẹ wá gbà débẹ̀?

BÍSÍ: Òun náà ni.