Pákó Ni Ká Kọ́kọ́ Wò: Àwòrán Eré Àwàdà Nínú Ìwé Ìròyìn Ayé Ọbabìnrin Victoria

Ní ọjọ́ 16 oṣù kìíní ọdún 1875, Our Boys, eré àwàdà tí H. J. Byron kọ, gorí ìtàgé ní gbọ̀ngán eré Vaudeville, ní òpópónà Strand ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù. Ìgbà 1,362 ni wọ́n ṣe é títí di 1879, nígbà yẹn eré kankan ò tíì pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ rí níbẹ̀. Lónìí, agbára káká lẹ fi máa rí ẹni tó mọ orúkọ rẹ̀. Irú eré báyìí, àwòrán inú ìwé ìròyìn ló sábà ń kù tójú lè rí. Àmọ́ ẹni tó bá rò pé ohun tí òǹwòran rí gan-an lòun ń wò, ó ti ṣìnà.

Igi ni ìwé ìròyìn Illustrated London News (tó bẹ̀rẹ̀ ní 1842) àti The Graphic (tó bẹ̀rẹ̀ ní 1869) fi ń tẹ àwòrán wọn fún ọ̀pọ̀ ọdún. Igi boxwood ni, ó le, ó sì ń dán. Ibi tí ayùn ti gé e kọjá ní ìbú ni wọ́n ń fín, kí abẹ má baà bá ìṣàn igi lọ. Igi náà kì í sanra, nítorí náà wọ́n á fi bóòtù (bolt, ìdè irin) so pákó kéékèèké pọ̀ láti ẹ̀yìn kó tó tó ojú ewé kan. Ayàwòrán á kun ún lẹ́fun, á sì yàwòrán sí i lódì, torí ọ̀tún á di òsì tí wọ́n bá tẹ̀ ẹ́. Ọ̀gá á fín àwọn ìlà tó gba orí oríkèé, ìyẹn ibi tí pákó méjì ti pàdé, kọjá, wọ́n á wá tú u, wọ́n á pín in: ẹnì kan a mú aṣọ ìkélé, ẹlòmíì a mú àga àti tábìlì.

Ẹ gbé àwòrán náà súnmọ́ ojú dáadáa. Ìlà funfun tẹ́ẹ́rẹ́ kan lè gba àárín aṣọ òṣèrébìnrin kọjá, kó gún gbọọrọ títí dé ilẹ̀. Bóòtù tó tú díẹ̀, tàbí igi tó sún kì, ló fà á. Ẹ má pè é ní ojú ìṣẹ́po: ẹ fọwọ́ pa ẹ̀yìn ìwé, ojú ìṣẹ́po á yọ gulegule, ti oríkèé ò ní yọ.

Ẹ wo òjìji náà. Iná gáàsì ẹsẹ̀ ìtàgé ń tan ojú òṣèré láti ìsàlẹ̀. Ọdún 1881 ni Savoy, gbọ̀ngán eré kan ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù, ṣẹ̀ṣẹ̀ gba iná mànàmáná. Bí òjìji imú bá wá wálẹ̀ bíi ti ẹni tó jókòó lẹ́bàá fèrèsé, ó ṣeé ṣe kí ayàwòrán ti fi fọ́tò ṣe é. Àwọn òṣèré tún máa ń fún mọ́ra ju bó ṣe yẹ lọ, torí ìtàgé fẹ̀, ojú ewé ò fẹ̀.

Àwọn tó ń tajà àtijọ́ sábà máa ń gé àkọlé kúrò. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, ẹ yí i padà: ìròyìn tàbí ìpolówó ẹ̀yìn rẹ̀ lè sọ ọdún. Àwọ̀ ò ṣeé gbẹ́kẹ̀ lé. Dúdú ni wọ́n tẹ ọ̀pọ̀ wọn, àwọn tó ń tà á ló kùn ún lẹ́yìn náà.

Ọ̀rọ̀ eré ńkọ́? Òfin 1843 ní kí wọ́n fi eré tuntun ránṣẹ́ sí Lord Chamberlain, ìjòyè ààfin tó ń fọwọ́ sí eré, ó kéré tán ọjọ́ méje kí wọ́n tó ṣe é. Ẹ̀dà wọ̀nyẹn, àti ti ìgbà tó ṣáájú òfin náà, láti 1824 dé 1968, wà ní British Library. Orúkọ gbọ̀ngán àti ọdún ni kẹ́ ẹ fi wá a, torí àkọlé lè yí padà kí ọjọ́ eré tó pé.