Ira Aldridge: Òṣèré Tó Fi Èdè Gẹ̀ẹ́sì Ṣeré fún Àwọn Tí Kò Gbọ́ Ọ

Ẹ kú ìkàlẹ̀ o. Iṣẹ́ Ira Aldridge la fẹ́ tú wò lónìí, ọmọ aláwọ̀ dúdú tí wọ́n bí ní New York ní ọjọ́ 24 oṣù Keje, 1807, tó sì kú sí ìlú Łódź ní ilẹ̀ Poland ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹjọ, 1867. Bí ẹni ń ki oríkì ni wọ́n sábà máa ń sọ ìtàn rẹ̀: ó lọ, ó jà, ó ṣẹ́gun. Ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀ fún àwọn akéwì. Iṣẹ́ ọwọ́ ni eré orí ìtàgé, bí iṣẹ́ alágbẹ̀dẹ. Ta ló ń sanwó? Òfin wo ló wà nílẹ̀? Kí ló wà nínú àpótí òṣèré náà? Kí ló sì ń ṣe nígbà tí ẹni tó dúró tì í lórí ìtàgé kò gbọ́ ohun tó ń sọ?

Ní 1821, William Brown, tó ti ṣiṣẹ́ nínú ọkọ̀ ojú omi rí, dá gbọ̀ngàn eré kan sílẹ̀ ní New York fún àwọn aláwọ̀ dúdú. Shakespeare ni wọ́n ń ṣe níbẹ̀, James Hewlett sì ni àgbà òṣèré wọn. Àwọn jàǹdùkú ń wá da eré rú, àwọn ọlọ́pàá sì kó àwọn òṣèré lọ sí àtìmọ́lé. Ibẹ̀ ni Aldridge ti fẹsẹ̀ kan ìtàgé, ibẹ̀ náà ló sì ti rí i pé bó ti wù kí òun mọ iṣẹ́ tó, kò sí ibi tí òun yóò ti jẹ ẹ́. Ní 1824, ó gba iṣẹ́ ìránṣẹ́ nínú ọkọ̀, lọ́dọ̀ òṣèré Gẹ̀ẹ́sì kan tó ń jẹ́ James Wallack, ó sì gúnlẹ̀ sí Liverpool. Ọmọ ọdún 17 ni.

Òfin ló kọ́kọ́ pàdé. Láti 1737 títí di 1843, gbọ̀ngàn eré méjì, Drury Lane àti Covent Garden, ló ni àṣẹ láti máa ṣe eré ọ̀rọ̀ ẹnu gidi ní London. Haymarket náà ń rí àyè nígbà ooru. Àwọn gbọ̀ngàn tó kù gbọ́dọ̀ da orin àti ìlù pọ̀ mọ́ tiwọn, kí eré náà má bàa jọ ti àwọn ọ̀gá. Àwọn gbọ̀ngàn kékeré yìí ló gba Aldridge. Ní ọjọ́ 10 oṣù Kẹwàá, 1825, ó gorí ìtàgé Royal Coburg ní òdì kejì odò Thames (Old Vic ni wọ́n ń pè é lónìí), ó ṣe Oroonoko, ọmọ ọba Áfíríkà tí wọ́n tà sóko ẹrú. Ìwé ìròyìn kan kọ ọ́ pé ètè rẹ̀ kò lè jẹ́ kó pe èdè Gẹ̀ẹ́sì já gaara. Ẹ fi gbólóhùn yìí sọ́kàn.

Ìgbèríko ló ti wá rí oúnjẹ jẹ. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyí: ìlú kọ̀ọ̀kan ní ẹgbẹ́ òṣèré tirẹ̀, tí gbogbo wọn ti há àwọn eré tó gbajúmọ̀ sórí. Àlejò òṣèré á dé pẹ̀lú aṣọ eré rẹ̀, wọ́n á fi eré dánra wò díẹ̀, ó di orí ìtàgé. Ó lè lo ọjọ́ mélòó kan, alẹ́ tó kẹ́yìn sì ni alẹ́ tirẹ̀, tí owó ẹnu ọ̀nà yóò bọ́ sí i lọ́wọ́ lẹ́yìn tí wọ́n bá ti yọ ìnáwó. Alẹ́ kan kì í ṣe eré kan. Eré ńlá ló ń ṣáájú, orin á tẹ̀ lé e, eré ẹ̀fẹ̀ ni wọ́n fi ń kádìí. Aldridge á ṣe Othello, ọ̀gágun dúdú inú eré Shakespeare, á sé Desdemona aya rẹ̀ léèémí pa, á wọ ẹ̀yìn kọ́tìnì lọ pààrọ̀ aṣọ, á sì jáde bíi Mungo, ìránṣẹ́ ọ̀mùtí tó ń kọrin, tó ń pa àwọn èèyàn lẹ́rìn-ín. Ẹni tó sunkún ní wákàtí kan sẹ́yìn á wá máa di ikùn mú. Ọgbọ́n ọjà nìyẹn: kí wọ́n má bàa sọ pé ìbínú nìkan ni ọkùnrin yìí mọ̀ ọ́n ṣe.

Ìṣòro ibẹ̀ ni pé ipa tí wọ́n kọ fún aláwọ̀ dúdú kò pọ̀: Othello, Oroonoko, Zanga (ẹrú tó ń gbẹ̀san nínú eré The Revenge), Mungo, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tán. Ìlú tó ti rí mẹ́rẹ̀ẹ̀rin kò ní sanwó lẹ́ẹ̀kan sí i. Ìdí nìyẹn tó fi bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọ̀dà kun ojú rẹ̀ di funfun, tó ń ṣe àwọn aláwọ̀ funfun inú eré Shakespeare: Shylock, Macbeth, Richard Kẹta àti King Lear. Ó tún mú Titus Andronicus, eré tí Aaron, ọkùnrin dúdú inú rẹ̀, ti jẹ́ ìkà paraku, òun àti òǹkọ̀wé kan sì tún un kọ pátápátá títí Aaron fi di akọni.

Gbọ̀ngàn ńlá London náà pè é nígbà kan ṣá. Ní oṣù Kẹta 1833, Edmund Kean, òṣèré tí òkìkí rẹ̀ kàn jù lọ nígbà náà, ṣubú lulẹ̀ ní Covent Garden níbi tó ti ń ṣe Othello. Ní ọjọ́ 10 oṣù Kẹrin, Aldridge gba ipò náà, pẹ̀lú Ellen Tree gẹ́gẹ́ bíi Desdemona. Èyí bọ́ sí ọdún kan náà tí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Bìrìtìkó ń jiyàn lórí òfin tó fòpin sí oko ẹrú. Ìwé ìròyìn kan bínú pé "ìránṣẹ́ dúdú Wallack" ń fọwọ́ kan obìnrin funfun ní gbangba. Iṣẹ́ ọkọ̀ tó fi wọ̀lú ní ọdún mẹ́sàn-án sẹ́yìn ni wọ́n fi bú u! Eré ẹ̀ẹ̀mejì péré ló ṣe, wọ́n ti ilẹ̀kùn.

Ní 1852 ló kọjá sí ilẹ̀ Yúróòpù, ibẹ̀ sì ni ọ̀rọ̀ ti dùn. Ẹgbẹ́ òṣèré Gẹ̀ẹ́sì ló kọ́kọ́ kó lọ. Ẹgbẹ́ náà tú. Ó wá ń bá àwọn ará Jámánì ṣeré: Gẹ̀ẹ́sì ni tirẹ̀, Jámánì ni tiwọn, nínú eré kan náà. Nígbà yẹn, a kì í fún òṣèré ní odindi ìwé eré. Ọ̀rọ̀ tirẹ̀ nìkan ni wọ́n ń fọwọ́ dà kọ fún un, pẹ̀lú ọ̀rọ̀ díẹ̀ tó gbẹ̀yìn lẹ́nu ẹni tó ṣáájú rẹ̀, kó lè mọ ìgbà tó kàn án. Bí ọ̀rọ̀ ìkẹyìn yẹn bá wá jẹ́ èdè tí o kò gbọ́ ńkọ́? Etí ni wọ́n fi ń há a, bí ọmọdé ṣe ń há orin. Ẹni tó bá tètè já lu ọ̀rọ̀, ó ti gé Othello lẹ́nu. Ẹni tó bá pẹ́, ìtàgé á dákẹ́ lọ gbári. Òṣèré àlejò pàápàá gbọ́dọ̀ mọ ọ̀rọ̀ gbogbo èèyàn, kò sì lè máa yí ìrìn padà bó ṣe wù ú, nítorí pé ibi tó yíjú sí àti ibi tó dúró ni ẹnìkejì rẹ̀ ń wò láti mọ ibi tí eré dé. Ìrọ̀rùn kan wà ṣá o: ó ti pẹ́ tí àwọn ará Jámánì ti ń ka Shakespeare ní èdè tiwọn, wọ́n mọ ìtàn náà kí wọ́n tó jókòó. Ohùn àti ojú ni wọ́n wá wò. Ètè tí London ní kò lè pe Gẹ̀ẹ́sì yẹn náà ni wọ́n ń sanwó gbọ́.

Ọdún 1858 ló dé St. Petersburg ní ilẹ̀ Rọ́ṣíà. Théophile Gautier, akọ̀ròyìn Faransé, rí i níbẹ̀, ó sì sàlàyé bó ṣe múra Lear: fìlà tó ní àwọ̀ ẹran ara, tí irun fàdákà ń já wálẹ̀ lára rẹ̀, ìda tó fi mọ imú, ọ̀dà tó nípọn lẹ́rẹ̀kẹ́, irùngbọ̀n funfun dé àyà. Ọwọ́ rẹ̀ nìkan ni kò kùn. Dúdú ló fi í sílẹ̀. Gautier fi ọwọ́ náà ṣẹ̀fẹ̀ burúkú, àmọ́ ó gbà pé Lear dára ju Othello lọ, torí pé ibẹ̀ ni ọkùnrin náà ti ń ṣeré ní tòótọ́. Ní tèmi, mi ò rò pé ìgbàgbé ni. Ẹni tó lè fi ìda mọ imú kò lè ṣàìrí ọwọ́ ara rẹ̀.

Ìlú yẹn náà ni Taras Shevchenko, akéwì ilẹ̀ Ukraine, ti ya àwòrán rẹ̀. Wọ́n bí Shevchenko sínú oko ẹrú. 2,500 rúbù ni wọ́n fi rà á sílẹ̀ ní 1838. Àwọn méjèèjì kò gbọ́ èdè ara wọn. Ọmọbìnrin onílé tó gbà wọ́n lálejò ló ń túmọ̀.

Ní ilẹ̀ Jámánì, ọba Prussia fún un ní àmì ẹ̀yẹ wúrà, ìjọba kékeré Saxe-Meiningen sì fi oyè dá a lọ́lá. Àmọ́ kí oyè gidi tó dé, òun fúnra rẹ̀ ti ń polówó ara rẹ̀ pé ọmọ ọmọ ọba Fúlàní láti Senegal ni òun. Irọ́ ni, oníwàásù ni bàbá rẹ̀ ní New York. Ṣùgbọ́n ta ni yóò sanwó wo ọmọ oníwàásù? Ní 1863, ó di ọmọ ilẹ̀ Bìrìtìkó. Àǹfààní èyí kò kéré, torí pé òfin ìgbà náà kò jẹ́ kí àjèjì ra ilẹ̀. Upper Norwood ní London ni ilé rẹ̀ wà.

Ogun abẹ́lé Amẹ́ríkà ti parí, ó sì ń dúnàádúrà láti padà lọ ṣeré nílé nígbà tí ikú pa á ní Łódź. Ibẹ̀ ni sàréè rẹ̀ wà. Amanda ọmọ rẹ̀ di olórin àti olùkọ́ ohùn ní London. Nígbà tí Paul Robeson, òṣèré àti olórin dúdú ará Amẹ́ríkà, fẹ́ ṣe Othello ní gbọ̀ngàn Savoy ní London ní 1930, Amanda fún un ní yẹtí wúrà tí bàbá rẹ̀ máa ń fi sétí nínú eré náà. Ọdún mẹ́fà lẹ́yìn náà, Robeson ṣe Toussaint L'Ouverture, aṣáájú àwọn ẹrú tó dìde ní Haiti, ní gbọ̀ngàn Westminster, ọ̀kan nínú àwọn tó sì bá a ṣeré ni Orlando Martins, ọmọ Èkó.