Dib Lutfi, ọkùnrin tó forúnkún gbé kámẹ́rà

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin tèmi. Tí wọ́n bá ń sọ̀rọ̀ fíìmù Brazil ayé àtijọ́, Glauber Rocha olùdarí fíìmù ni gbogbo ayé ń pariwo. Ó tọ́ sí i o, mi ò bá wọn jà. Àmọ́ ẹni tó ń gbé kámẹ́rà yẹn káàkiri ńkọ́? Dib Lutfi lorúkọ ẹ̀. Marília ní ìpínlẹ̀ São Paulo ni wọ́n bí i sí ní 1936, àbúrò Sérgio Ricardo olórin ni.

TV Rio ló ti kọ́kọ́ ń ṣiṣẹ́ kámẹ́rà. Nígbà tó di 1962, Arne Sucksdorff, ará Sweden kan tó ti gba Oscar, wá kọ́ àwọn ọ̀dọ́ níṣẹ́ fíìmù ní Rio, Dib náà jókòó síbẹ̀. Kò pẹ́ làwọn ọmọ Cinema Novo, ìyẹn àwọn ọ̀dọ́ olùdarí tó ń ṣe fíìmù lọ́nà tuntun ní Brazil, gbá a mú, torí àwọn yẹn ò lówó, irin iṣẹ́ wọn ò tó nǹkan, wọ́n ṣáà ní kí kámẹ́rà wà lọ́wọ́ kí èrò wà lórí, ó tán.

Ẹ wo Terra em Transe, fíìmù Glauber, 1967. Luiz Carlos Barreto ló wà nídìí iná àti àwòrán, Dib ló di kámẹ́rà mú. Ibi tí olóṣèlú kan ti wà láàárín èrò, tí samba ń dún, tí akéwì wá fọwọ́ bo òṣìṣẹ́ kan lẹ́nu, kámẹ́rà ò dúró sókèèrè wò wọ́n, àárín wọn ló wà, àfi bí ẹni tí wọ́n jọ wá sóde.

Àmọ́ Os Deuses e os Mortos, 1970, tí Ruy Guerra ṣe lórí ìjà àwọn olóko kòkó ní gúúsù Bahia, ìyẹn gan-an ló yà mí lẹ́nu. Wọ́n á yà á lọ gbọọrọ, wọn ò ní gé e. Róòlù fíìmù 35mm tó gùn tó nǹkan bí 120 mítà, ìṣẹ́jú mẹ́rin lé díẹ̀ péré ló máa lò. Tó o bá kọsẹ̀ ní ìṣẹ́jú kẹta, owó róòlù ti wọgbó nìyẹn, ẹ padà síbẹ̀rẹ̀. Kò sì sí Steadicam, ohun èlò tí wọ́n ń so mọ́ ara kí kámẹ́rà má bàa máa gbọ̀n, nígbà yẹn o, àárín ọdún 1970 sí 1979 ni Garrett Brown ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé e jáde ní Amẹ́ríkà, wọ́n sì fún un ní Oscar. Orúnkún ni Dib fi ṣe tiẹ̀, ẹ jọ̀ọ́, ta ló fún orúnkún ní Oscar rí?

Ní A Lira do Delírio tó jáde ní 1978, wọ́n kó àwọn òṣèré sáàárín kánífà gidi ní Niterói, Dib ń tẹ̀ lé wọn. Ta ló fẹ́ sọ fún èrò kánífà pé kí wọ́n tún un ṣe?

Rio ló kú sí ní 2016. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ wo iṣẹ́ ẹ̀, ẹ jẹ́ kí Terra em Transe sinmi ná, ẹ wá tàwọn olóko kòkó yẹn.