Àbàlá Ọwọ́ Àjàyí: Ìbẹ̀rù, Ìpọ́njú àti Mímọ Ara Ẹni

Ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin olùkọ́ àti ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ péjọ síbí, mo kí yín. Àkòrí tí wọ́n fún mi ni bí ènìyàn ṣe lè la ìbẹ̀rù àti ìpọ́njú kọjá títí yóò fi mọ ẹni tí òun jẹ́, tí yóò sì rí ayọ̀. Ọ̀pọ̀ àwọn tí ó ti sọ̀rọ̀ lórí irú nǹkan báyìí máa ń sọ pé ìyà ni ó ń kọ́ni lọ́gbọ́n, pé ojú tí ó bá ti rí òkun kò ní í rí ọ̀sà kí ó bẹ̀rù. Èmi kò gbà á tán. Ìdí nìyí tí mo fi mú ìtàn ẹnì kan wá tí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ ohun tí ojú rẹ̀ rí, ìyẹn Àjàyí ọmọ Òṣogùn, tí ayé mọ̀ sí Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Ajayi Crowther.

Ní ọdún 1821, nígbà tí ogun ń tú ilẹ̀ Ọ̀yọ́ ká, ọ̀tá ká Òṣogùn mọ́ láàárọ̀, nígbà tí wọ́n ṣì ń se oúnjẹ lọ́wọ́. Bàbá Àjàyí sáré wọlé, ó ní kí wọ́n sá, ó sì padà sí ojú ìjà. Ìgbà ìkẹyìn tí ọmọ rẹ̀ fojú kàn án nìyẹn. Wọ́n mú ọmọ náà, tí yóò tó ọmọ ọdún 12, pẹ̀lú ìyá rẹ̀ àti àbúrò rẹ̀ tí ó ṣì wà lẹ́yìn ìyá. Ní Ìsẹ́yìn, wọ́n fi í pààrọ̀ ẹṣin kan. Nígbà tí ẹṣin náà kò tẹ́ ẹni tí ó gbà á lọ́rùn, wọ́n dá ẹṣin padà, wọ́n sì gba ọmọ padà. Òun àti ìyá rẹ̀ tún wà nítòsí ara wọn fún bí oṣù 3, kí wọ́n tó mú un kúrò nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan láìjẹ́ kí ó dágbére. Láti ìgbà náà ni ó ti ń bọ́ láti ọwọ́ olówó kan sí òmíràn. Ẹ̀rù pé wọ́n lè tà á fún àwọn Pọtogí bà á tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi ń di ọ̀já ìdí rẹ̀ mọ́ ọrùn lóru, ṣùgbọ́n kò ní ìgboyà láti fà á le.

Nígbà tí wọ́n wá ń gbé e lọ sí Èkó, ó kọ̀wé pé ẹkún kò tilẹ̀ ràn án mọ́. Gbogbo ara rẹ̀ le gbagidi. Wọ́n ní kí ó wọ́ odò dé ibi tí ọkọ̀ wà, ṣùgbọ́n bí ẹni tí yóò rì ni ó ṣe ń gbé ẹsẹ̀ kọ̀ọ̀kan, títí àwọn ọlọ́kọ̀ fi gbé e sáàárín àpò àgbàdo, tí wọ́n sì fún un ní àbàlá kí ó fi ṣe oúnjẹ alẹ́. Ibi tí wọ́n gbé e kalẹ̀ sí ni ó jókòó sí pẹ̀lú àbàlá lọ́wọ́ títí wọ́n fi gúnlẹ̀ ní ìdájí. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣe jẹ́ kí a sáré kọjá níbẹ̀. Ọmọ tí ebi ń pa mú oúnjẹ dání, kò sì rántí pé ènìyàn a máa jẹun. Bí ìbẹ̀rù ṣe ń ṣiṣẹ́ nìyẹn: kì í kọ́ni ní nǹkan kan nígbà tí ó bá gbóná, ńṣe ni ó ń gba ara ẹni lọ́wọ́ ẹni.

Kódà, kì í jẹ́ kí a dá olùgbàlà mọ̀. Ní oṣù kẹrin ọdún 1822, ọjọ́ tí ọkọ̀ ẹrú tí wọ́n kó wọn sí gbéra náà ni ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì méjì mú un. Nígbà tí àwọn ọmọ náà dé inú ọkọ̀ ogun, wọ́n rí ẹran ẹlẹ́dẹ̀ funfun tí wọ́n so rọ̀, àti ọta àgbá tí wọ́n tò sílẹ̀. Wọ́n rò pé ẹran ènìyàn ni èyí tí a so rọ̀, pé orí àwọn tí wọ́n pa jẹ sì ni ọta. Wọ́n ti dòmìnira tán, ọkàn wọn kò sì mọ̀.

Kí ni ó wá gbé e dìde? Èmi kò rí ibi tí ìyà ti ṣe é. Ilé ni wọ́n fún un ní abúlé Bathurst ní Sàró, ìyẹn Sierra Leone, pẹ̀lú olùkọ́ tí ó ní sùúrù, ìwé àti iṣẹ́ káfíńtà. Láàárín oṣù 6, ó ti ń ka Májẹ̀mú Tuntun díẹ̀díẹ̀. Ìyà kan náà jẹ àwọn tí wọ́n jọ wà nínú ẹ̀wọ̀n, ọ̀pọ̀ wọn ni a kò sì mọ orúkọ wọn títí di òní. Ẹni tí ó bá ń yin ìpọ́njú gẹ́gẹ́ bí olùkọ́ ní láti ro tiwọn náà mọ́ ọn.

Ní 1841, ó bá àwọn òyìnbó gòkè Odò Ọya nínú ìrìn-àjò tí ibà ti pa ọ̀pọ̀ wọn, ní 1843 wọ́n sì fi í joyè àlùfáà ní ìlú Gẹ̀ẹ́sì. Síbẹ̀, ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní Freetown, ní Sàró, ní oṣù kìíní ọdún 1844 ni mo kà sí ìgbà tí ó mọ ara rẹ̀. Ó dúró níwájú àwọn ọmọ Yorùbá tí wọ́n gbà lọ́wọ́ ọkọ̀ ẹrú bíi tirẹ̀, ó sì wàásù fún wọn ní èdè Yorùbá. Ó kọ̀wé pé òun dà bí ọmọ ọwọ́ tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ èdè ìyá rẹ̀, pé bí àlá ni gbogbo rẹ̀ rí lójú òun. Nígbà tí ó súre tán, gbogbo ilé ìjọsìn hó pé, “Kí ó ṣẹ!” Ẹni tí ojú rẹ̀ ti rí òkun ni ó tún ń gbọ̀n níwájú ọ̀sà yìí. Ẹ̀rù kò tí ì lọ nígbà tí ayọ̀ dé. Àwọn méjèèjì jọ wà lórí àga ìwàásù ni. Ohun tí ogun kò rí gbà lọ́wọ́ rẹ̀ ní Òṣogùn, ìyẹn èdè ẹnu rẹ̀, ni ó wá di iṣẹ́ tí ó ń ṣe fún ẹlòmíràn, iṣẹ́ náà ni ó sì padà di ìtumọ̀ Bíbélì tí àwọn ìyá wa kọ́ ìwé kíkà nínú rẹ̀.

Ní ọjọ́ 21 oṣù kẹjọ ọdún 1846, ìyá rẹ̀, Àfàlà, wá bá a ní Abẹ́òkúta lẹ́yìn ọdún 25. Ìyá náà ti gbẹ, ó ń gbọ̀n, kò gba ojú ara rẹ̀ gbọ́. Wọ́n di ara wọn mú, wọ́n ń wo ara wọn láìsọ̀rọ̀, omijé sì ń ṣàn ní ẹ̀rẹ̀kẹ́ ìyá. Bí ẹ bá bi mí léèrè ohun tí mò ń pè ní ayọ̀, èyí ni. Bẹ́ẹ̀ náà ni kò dá ọdún 25 yẹn padà.

Àjàyí fúnra rẹ̀ mọ èyí. Nínú lẹ́tà tí ó kọ ní 1837, ó pe ọjọ́ tí wọ́n mú un ní ọjọ́ ibi, ó sì tún pè é ní ọjọ́ ìbùkún: ibi, nítorí pé wọ́n já a gbà kúrò nílé bàbá rẹ̀, ìbùkún, nítorí ìgbàgbọ́ tí ọ̀nà náà mú un dé. Kò fi ọ̀kan pa èkejì rẹ́. Àwa tí a ń sọ ìtàn rẹ̀ ni a fẹ́ràn láti mú ìdajì dání.

Wọ́n tún dán an wò nígbà ogbó. Ní 1890, ní ìpàdé ìgbìmọ̀ ìṣúná iṣẹ́ ìyìn rere Odò Ọya ní Ọ̀nìṣà, àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin òyìnbó láti inú CMS, ẹgbẹ́ ajíhìnrere tí Àjàyí ń bá ṣiṣẹ́, dá àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ dúró lójú rẹ̀, wọ́n sì tẹ́ńbẹ́lú iṣẹ́ tí ó ti ń ṣe láti 1864 tí ó ti di bíṣọ́ọ̀bù. Ó ti lé ní ẹni 80 ọdún. Ó fi ìgbìmọ̀ náà sílẹ̀, ṣùgbọ́n kò fi iṣẹ́ sílẹ̀. Òun àti àwọn ìjọ ẹnu Odò Ọya bẹ̀rẹ̀ sí í gbèrò bí wọn yóò ṣe máa bójú tó ara wọn, tí wọn yóò sì máa fi owó ara wọn bọ́ àlùfáà wọn. Ó kú sí Èkó ní ọjọ́ 31 oṣù kejìlá ọdún 1891. Nígbà tí ó di 1892, àwọn ìjọ náà kéde òmìnira wọn, Dandeson, ọmọ rẹ̀, sì ni ó ṣáájú wọn.