Orin Fíìmù: Ẹ Jẹ́ Kí Òṣèré Sọ̀rọ̀!

Ẹ kú ìkàlẹ̀ o. Kubwa l'Abuja ni mo wà, jẹnẹrétọ̀ lẹ̀ ń gbọ́ yẹn, ẹ má bínú. Ẹ̀yin tí ẹ ń béèrè bí èèyàn ṣe ń fi orin fíìmù àwọn olùdarí aládàádúró jẹun, ẹ sún mọ́ mi.

Kíbọ́ọ̀dù títẹ̀, ẹ ti mọ ìyẹn. Ibi tí gbogbo yín ti ń ṣì í rèé: ẹ ń da orin bo ọ̀rọ̀ mọ́lẹ̀!

Olùdarí tí mo kọ́kọ́ bá ṣiṣẹ́ níbí kò gbọ́ Yorùbá, ó kàn fẹ́ràn gángan ni. Ó ní kí n fi sábẹ́ ibi tí opó kan ti ń bá àbúrò ọkọ rẹ̀ fa ọ̀rọ̀ ilé. Mo gbé gángan tí mo gbà sílẹ̀ níbi ìgbéyàwó kan ní Nyanya sí i. Ó dùn mọ́ ọn! Ọjọ́ tá a fi han èèyàn, àwọn Yorùbá tó jókòó lẹ́yìn bú sẹ́rìn-ín. Opó ń sunkún, gángan ń ní kí ìyá ìyàwó tọwọ́ bọ àpò.

Ìlù wa, ọ̀rọ̀ ló ń sọ! Òṣèré ń sọ̀rọ̀, gángan náà ń sọ̀rọ̀, ta ni ká gbọ́? Ẹ wo onílù tó mọṣẹ́ lẹ́yìn akéwì. Akéwì ń ké, ó rọra ń lù ú. Akéwì mí, ó wọlé. Ibi tí òṣèré ti mí ni kẹ́ ẹ wá. IBI TÓ TI MÍ!

Mo yọ gángan. Opó sọ̀rọ̀ tán, ó ju kọ́kọ́rọ́ sórí tábìlì. Bó ṣe dún báyìí, gòjé wọlé, ohùn kan ṣoṣo, gígùn.

Kẹ́ ẹ tó fọwọ́ kan nǹkan kan, kí ẹni tó ń gé fíìmù gé e tán pátápátá o. Tó bá padà yọ ìṣẹ́jú-àáyá méjì kúrò níwájú kọ́kọ́rọ́ yẹn, férémù 50, ìyẹn àwòrán kọ̀ọ̀kan tó para pọ̀ di fíìmù, ti lọ nínú fíìmù tó ń lo férémù 25 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, gòjé á wá pẹ́ dé. Ẹ gba orin náà sílẹ̀ ní 48 kHz, ìyẹn ni pé kí ẹ̀rọ máa wọn ohùn nígbà ẹgbẹ̀rún méjìdínláàádọ́ta ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. 44.1 ti CD ni.

Owó ńkọ́? Kékeré ni. Nítorí náà, ẹ má ta orin yín! Ẹ kọ ọ́ sínú ìwé pé fíìmù yẹn nìkan lẹ ní kí wọ́n lò ó fún. Owó epo jẹnẹrétọ̀ ni mo rí lórí fíìmù opó yẹn, ṣùgbọ́n tèmi ni gòjé náà, olùdarí méjì mìíràn ti sanwó lé e.

Áà, iná ti dé! Ẹ jẹ́ kí n lọ pa nǹkan yìí.