Onílùú Kì Í Fẹ́ Kó Tú: Iṣẹ́ Tó Wà Lọ́rùn Ẹni Tó Fẹ́ràn Orílẹ̀-Èdè Rẹ̀

Ẹ̀yin bàbá, ẹ̀yin ìyá, ẹ̀yin ọ̀dọ́ Ògbómọ̀ṣọ́ Àjílété, ẹ kú ìjókòó. Orin orílẹ̀-èdè tí a dìde kọ lẹ́ẹ̀kan, èyí tí ìjọba dá padà ní oṣù Karùn-ún ọdún 2024, a kọ ọ́ dáadáa. Àmọ́ orin kì í gbẹ́ gọ́tà. Abala 24 nínú òfin orílẹ̀-èdè wa ti ọdún 1999 ka ojúṣe ọmọ Nàìjíríà sílẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ látorí bíbọ̀wọ̀ fún àsíá àti orin, ṣùgbọ́n kò dúró síbẹ̀: kéèyàn ṣe ohun tó wúlò fún àdúgbò tó ń gbé, kó ran agbófinró lọ́wọ́, kó sọ òótọ́ nípa owó tó ń wọlé fún un, kó sì san owó orí lásìkò.

Ẹni tí kò bá fẹ́ kí ìlú tú gbọ́dọ̀ mọ ọwọ́ ẹni tí iṣẹ́ wà. Ibẹ̀ gan-an ni ọ̀pọ̀ wa ti ń ṣì í. Ọ̀nà márosẹ̀ Ọ̀yọ́ sí Ògbómọ̀ṣọ́ tó ti gba ẹ̀mí èèyàn púpọ̀, ti ìjọba àpapọ̀ ni. Ká máa bú alága káńsù nítorí rẹ̀, ariwo lásán ni. Ọjà, gáréèjì, ilé ìpẹran, itẹ́ òkú, òpópónà àti gọ́tà àdúgbò, kíkó ìdọ̀tí, fíforúkọ ọmọ tuntun sílẹ̀, ti ìjọba ìbílẹ̀ nìyẹn. Ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ àti ìlera, òun àti ìpínlẹ̀ ló jọ ń gbé e. Ní oṣù Keje ọdún 2024, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ pàṣẹ pé kí owó ìjọba ìbílẹ̀ máa lọ sọ́wọ́ wọn tààrà. Ó ti wá di dandan ká máa bi wọ́n bí wọ́n ṣe ń ná an.

Bíbéèrè náà ní ọgbọ́n tirẹ̀. Òfin Òmìnira Ìròyìn ti ọdún 2011 fún ẹnikẹ́ni láṣẹ láti béèrè ìwé lọ́wọ́ ilé iṣẹ́ ìjọba, láìsọ ìdí. Ní oṣù Kẹrin ọdún 2025, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ là á mọ́lẹ̀ pé òfin yìí de gbogbo ìpínlẹ̀. Ìyá tí kò mọ̀ ọ́n kọ lè sọ ọ́ lẹ́nu kí òṣìṣẹ́ bá a kọ ọ́ sílẹ̀, ó sì lè rán ẹlòmíràn.

Lẹ́tà ojú ewé kan ti tó. Ẹ dárúkọ iṣẹ́ náà àti ibi tó wà, kí ẹ béèrè ẹni tó gba kọ́ńtíráàtì, iye tí wọ́n gbé e fún un, iye tí wọ́n ti san, àti ọjọ́ tó yẹ kó parí. Bí ẹ bá kọ “gbogbo ìwé nípa gọ́tà Ògbómọ̀ṣọ́”, ẹ ti fún wọn láyè láti fi falẹ̀. Ẹ má bú ẹnikẹ́ni nínú rẹ̀. Ẹ ṣe é ní ẹ̀dà méjì, kí wọ́n lu òǹtẹ̀ àti ọjọ́ sí èyí tí ẹ máa mú lọ sílé, nítorí ọjọ́ tí wọ́n gbà á ni kíkà ti ń bẹ̀rẹ̀. Ọjọ́ 7 ni òfin fún wọn. Bí ìwé náà bá pọ̀, wọ́n lè fi ọjọ́ 7 kún un. Owó ẹ̀dà nìkan ni wọ́n lè gbà. Bí wọn ò bá fún yín, wọ́n gbọ́dọ̀ kọ ìdí rẹ̀ sílẹ̀. Ọjọ́ 30 lẹ ní láti gbé e lọ sílé ẹjọ́, ibẹ̀ ló sì ti ń bọ́ mọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn lọ́wọ́. Bí adájọ́ bá rí i pé wọ́n fi í dù yín láìtọ́, owó ìtanràn rẹ̀ jẹ́ ₦500,000.

Ọwọ́ tiwa náà gbọ́dọ̀ mọ́. Ẹni tó ń da ìdọ̀tí sí gọ́tà nígbà tí òjò bá ń rọ̀, tó tún ń kọ lẹ́tà lọ́sàn-án, òun fúnra rẹ̀ ló ń ba iṣẹ́ ara rẹ̀ jẹ́. Náírà tí à ń ná lóde àríyá tí à ń jó lé lórí ńkọ́? Òfin Báńkì Àpapọ̀ Nàìjíríà (CBN) ti ọdún 2007 ní ẹ̀wọ̀n oṣù mẹ́fà tàbí ₦50,000 ló wà níbẹ̀, ó kéré tán.

Bí èsì bá dé, kí ẹgbẹ́ lánlọ́ọ̀dù mú téèpù lọ síbi iṣẹ́. Ẹ wọn gígùn, fífẹ̀ àti jíjìn gọ́tà náà, ẹ ya fọ́tò, ẹ fi wé ohun tó wà nínú ìwé, kí ẹ wá pe káńsẹ́lọ̀ wọ́ọ̀dù yín síbẹ̀ kó fojú ara rẹ̀ rí i. Kí akọ̀wé ẹgbẹ́ tọ́jú gbogbo ìwé náà sínú fáìlì kan, nítorí káńsẹ́lọ̀ tuntun lè dé kí iṣẹ́ náà tó parí.